Obìnrin Tó Bọ́ Aṣọ Opó Rẹ̀ Lọ́sàn-án Gangan

Oríṣi méjì ni àwọn tó wá kí wa nígbà tí Ìyá Etí-Ọ̀sà kú. Àwọn kan ń sunkún tọkàntọkàn. Àwọn kejì ń wo ojú ara wọn, bíi pé wọ́n fẹ́ béèrè bóyá ó ronú pìwà dà kó tó lọ. Mo gbé omi fún àwọn kejì yìí mu, mo sì ń bú wọn nínú. Ìyá tó bí ìyá mi ni. Èbùn ni wọ́n sọ ọ́, ṣùgbọ́n gbogbo àwa Ìlàjẹ tó wà ní Bàrígà là ń pè é ní Ìyá Etí-Ọ̀sà, nítorí ilé rẹ̀ ló kángun sómi jù. N kò ní to ìgbésí ayé rẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ níbí, n kò tilẹ̀ mọ gbogbo rẹ̀. Ohun tí mo rántí ni n ó sọ, nítorí irọ́ tí wọ́n ń pa mọ́ ọn ti dàgbà jù mí lọ, ó sì tó kí ẹnì kan dá a dúró.

Ẹja yíyan ni iṣẹ́ rẹ̀. Ahéré tó ti ń yan án wà lẹ́yìnkùlé, páànù ló wà lórí rẹ̀, èèpo àgbọn ló sì fi ń dáná, ó ní igi máa ń jẹ́ kí ẹja korò. Ọwọ́ òsì ló fi ń yí ẹja lójú ààrò. Nígbà tí àwa ọmọ-ọmọ rẹ̀ bá wà lọ́dọ̀ rẹ̀ fún ìsinmi, ariwo wa kì í jẹ́ kó gbọ́ ara rẹ̀, kì í sì í bínú sí i. Ohun kan ṣoṣo ni kì í gbà: kí ọmọdé sáré wá ro ẹjọ́ ẹlòmíràn. "Ìyá àgbà, ẹ wá gbọ́ ohun tí Kúnlé ṣe o!" Kí ọ̀rọ̀ yẹn tó délẹ̀, ó ti ju ẹja gbígbóná sí wa lẹ́nu. Ẹnu á jó wa, a ó máa fẹ́ ẹ, a ó sì gbàgbé Kúnlé. Mo rò pé ìkẹ́ lásán ni. Ohun tó máa ń sọ ni pé: "Jẹun, ọmọ mi. Ẹnu tó ń jẹun kì í kó ẹnikẹ́ni sí wàhálà."

Kì í ṣe áńgẹ́lì o. Orí rẹ̀ kunkun, ìjà rẹ̀ sì máa ń pẹ́ nílẹ̀. Ẹni tí kò bá fẹ́ràn, orí ẹja ló máa ń tà fún un, á tún máa búra pé orí ló dùn jù. Ó bá pásítọ̀ kan ṣe kèéta tó fi di pé ìjọ gbé ọkùnrin náà lọ síbòmíràn, nítorí pé pásítọ̀ wàásù lórí opó rere, ó sì ń wò ó bó ṣe ń wàásù. Ó dìde láàárín ìwàásù, ó so ìró rẹ̀ le, ó sì jáde. Wọ́n ní lẹ́nu ọ̀nà ló ti yíjú padà wí pé: "Ẹ bá mi kí opó rere bí ẹ bá rí i."

Kí n tó máa bá a lọ, ẹ jẹ́ kí n sọ irú ìgbà tó jẹ́, nítorí àwọn ọmọ ìsinsìnyí rò pé àsọdùn ni. Nínú ogun ńlá àwọn òyìnbó, àwọn tí gbogbo ayé ń gbàdúrà kí wọ́n pàdánù ló borí. Gẹ̀ẹ́sì palẹ̀ mọ́ kúrò l'Ékòó, àwọn tó borí sì gbé ìlú lé àwọn ọkùnrin kan lọ́wọ́ nínú wa, tí wọ́n ti ń kọ́ ìṣe wọn tipẹ́. Ẹgbẹ́ Ọwọ́ Kan ni wọ́n ń pe ara wọn. Ní àwọn ọdún 1950, àwọn ni ìjọba, àwọn ni adájọ́, àwọn náà ni ìwé ìròyìn. Àwọn ọmọ ogun wọn tó ń rìn láàárín ìlú là ń pè ní Ẹlẹ́wù Eérú, nítorí àwọ̀ ẹ̀wù wọn. Ọ̀rọ̀ obìnrin ló sì ká wọn lára jù. Obìnrin kò gbọdọ̀ tajà kọjá ìloro ilé rẹ̀ àfi bí ọkùnrin kan bá dúró fún un. Obìnrin kò gbọdọ̀ tukọ̀, èyí sì jẹ́ ìyà ńlá fún àwa tó jẹ́ pé orí omi la ti kọ́ ìrìn. Bí obìnrin mẹ́rin bá dúró síbì kan, tí kì í ṣe ilé ìsìn tàbí ilé ọ̀fọ̀, ẹgba ni.

Wọ́n pàṣẹ pé kí ilé kọ̀ọ̀kan gbé àwòrán Ọ̀gá, olórí ẹgbẹ́ wọn, kọ́. Ìyá Etí-Ọ̀sà gba tirẹ̀, ó dúpẹ́, ó sì lọ gbé e kọ́ sínú ahéré ẹja. Kò pẹ́ tí èéfín fi dé ojú Ọ̀gá, kò pẹ́ tí imú rẹ̀ fi pòórá. Nígbà tó yá, kò sẹ́ni tó lè sọ bóyá èèyàn ló wà nínú fọ́tò náà tàbí ìkòkò. Ìyá mi, tó jẹ́ ọmọdé nígbà náà, ló sọ ọ́ fún mi, kò sì lè ṣe kó má rẹ́rìn-ín. Ẹlẹ́wù Eérú kan wọlé lọ́jọ́ kan, ó béèrè ìdí tí Ọ̀gá fi wà nínú èéfín. Ìyá àgbà mi kò gbójú kúrò lójú iná. "Olè kì í wọ inú ilé mi, ahéré ló máa ń wọ̀. Ọ̀gá ń bá mi ṣọ́ ẹja ni, sà."

Ibì kan ṣoṣo tí Ẹlẹ́wù Eérú kì í fẹsẹ̀ wọ̀ ni yàrá opó. Kò sí nínú òfin wọn. Ṣùgbọ́n ìyá ló bí àwọn náà, ẹ̀rù opó sì ti wà lára wọn kí wọ́n tó mọ ohun tó ń jẹ́ ìjọba. Obìnrin tí ọkọ rẹ̀ kú á wọ aṣọ dúdú, á tú irun rẹ̀, á jókòó lórí ẹní nínú yàrá fún ogójì ọjọ́, kò ní jáde, kò sì ní jẹ́ kí ojú ọkùnrin àjèjì kan ojú rẹ̀. Ọkùnrin tó bá já wọlé tọ̀ ọ́, ohun tó ti ibẹ̀ gbé jáde kò ní fi í sílẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n fi kọ́ gbogbo wa.

Ẹ̀sùn tí wọ́n fi kan ìyá àgbà mi nìyẹn: pé ọkọ rẹ̀ kú, kò sì jókòó. Ibà ló pa bàbá àgbà mi. Kò tíì pé ọ̀sẹ̀ méjì tí wọ́n sin ín tí gbogbo etídò fi rí ìyàwó rẹ̀ níwájú ààrò, nínú àdìrẹ aláró, lọ́sàn-án gangan, tó ń yí ẹja. Ọ̀rọ̀ náà dé etí ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀, ẹni tí à ń pè ní Bàbá Ìgbòkòdá, ó sì wọ ọkọ̀ ojú omi wá. Ènìyàn dáadáa ni, àmọ́ ẹnu rẹ̀ kò ní ìlẹ̀kùn. Ohun tó bá gbọ́ láàárọ̀, gbogbo etíkun á ti gbọ́ kó tó di alẹ́. Ó bá ìyá àgbà mi lẹ́nu iṣẹ́, ó sì dúró láìjókòó.

"Ìyàwó, aṣọ wo lo wọ̀ yìí?"

"Ẹ káàbọ̀, ọkọ mi. Ẹ jókòó, kí n bu omi wá."

"Mi ò wá mumi. Àbúrò mi kò tíì jẹrà nínú ilẹ̀. Aṣọ wo lo wọ̀?"

Nígbà tí ìyá àgbà mi ń sọ ọ́ fún mi lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ó ní òun wo ojú rẹ̀, òun rí i pé ó ti ń sunkún, pé bí òun bá sọ gbólóhùn kan fún un, àánú á ṣe é. Kò sọ ọ́. Ó tún ẹja yí. Ohun tó dáhùn ni gbogbo ẹbí fi ń kọrin bú u láti ìgbà náà: "Ooru ń mú mi."

Ọjọ́ yẹn ni Bàbá Ìgbòkòdá sọ pé kì í ṣe ìyàwó wọn mọ́. Ilẹ̀ bàbá àgbà mi lọ, ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ lọ, orúkọ lọ. Èyí tó wá burú jù fún mi ni pé ìyá mi gan-an gbà á gbọ́. Ìbídùn lorúkọ ìyá mi, òun nìkan ni ọmọ. Kò sí Kérésìmesì tí a lọ sí etídò tí kò ní dá ìjà náà sílẹ̀. A ó ti jẹun tán, a ó ti máa rẹ́rìn-ín, á sì gbé àwo kalẹ̀. "Màmá, ẹ ò ṣọ̀fọ̀ bàbá mi." Ìyá àgbà mi á ní, "Ìbídùn, jẹ́ kí ọmọ wọ̀nyí jẹun." Ìyá mi á ní, "Ẹ sọ nǹkan kan! Ẹ bú mi, tó bá tó bẹ́ẹ̀!" Àwa ọmọ á máa wo ilẹ̀. Mo kórìíra Kérésìmesì nítorí rẹ̀. Kò bú u rí. Ohun tó máa ń sọ ni pé: "Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Lọ sùn."

Ìgbà tí mo bí àkọ́bí mi ló tó sọ ọ́ fún mi. Ó wá bá mi wẹ ọmọ. Ó na ẹsẹ̀ méjèèjì sílẹ̀, ó tẹ́ ọmọ sórí wọn, ó ń fi àdín ra á, mo sì rí i bí ìka mẹ́ta ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ kò ṣe lè ká. Mo ti rí wọn láti kékeré, n kò bi í rí. Mo bi í.

"Ilé àtìmọ́lé ni wọ́n ti ṣe é," ló wí, bí ẹni ń sọ pé ọjà ni òun ti rà á.

Ó ní ọ̀sán ni, òun wà lórí ẹní nínú yàrá, nínú aṣọ dúdú, òun ń sunkún ọkọ òun ní tòótọ́. Ọmọbìnrin kan já wọlé láti ẹ̀yìnkùlé. Rẹ̀mílẹ́kún lorúkọ rẹ̀, ará Ọ̀yọ́ ni, ọmọ ìjọ Onítẹ̀bọmi, ó ń ránṣọ ní Ṣómólú. Ìyá àgbà mi kò mọ̀ ọ́n rí. Láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, Ẹlẹ́wù Eérú ti lọ da ọjà àwọn obìnrin nù ní Onípanu, ọmọbìnrin yìí sì jókòó sílẹ̀ láàárín títì. Kò sọ̀rọ̀, kò ju òkúta, ó kàn jókòó. Àwọn yòókù bá jókòó tì í, títí mọ́tò kankan kò fi lè kọjá. Òun ni wọ́n wá ń wá. Ibi tó ti ń wá ọkọ̀ ojú omi tó máa gbé e sá lọ ni ẹsẹ̀ rẹ̀ ti gbé e dé ọ̀dọ̀ wa.

"Ẹ̀jẹ̀ wà ní etí rẹ̀," ni ìyá àgbà mi wí. "Mo gbọ́ bàtà wọn lójú ọ̀nà. Mo wo ọmọ náà, mo wo aṣọ ọrùn mi. Bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran."

Ó bọ́ aṣọ opó rẹ̀, ó wọ̀ ọ́ fún ọmọbìnrin náà, ó tú irun rẹ̀, ó sì kọjú rẹ̀ sí ògiri. Ó ní kó máa sunkún, ẹkún yẹn kò sì ṣòro fún un. Òun fúnra rẹ̀ fa àdìrẹ yọ nínú àpótí, ó gba ẹ̀yìnkùlé lọ sídìí ààrò. Àwọn tó wá kì í ṣe ará àdúgbò, wọn kò mọ̀ ọ́n.

"Màmá, ta ló wà nínú yàrá yẹn?"

"Ẹ̀gbọ́n mi ni. Ọkọ rẹ̀ ló kú. Ẹ wọlé wò ó."

Wọ́n dúró lẹ́nu ọ̀nà. Wọ́n rí aṣọ dúdú, wọ́n rí irun títú, wọ́n gbọ́ ẹkún. Èyí tó kéré jù nínú wọn ṣí fìlà. Ó ní, "Ẹ kú ìrọ́jú, Màmá," wọ́n sì lọ.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni Rẹ̀mílẹ́kún fi jókòó lórí ẹní yẹn, nítorí Ẹlẹ́wù Eérú kò kúrò létí omi, kò sì sí atukọ̀ tí èèyàn lè fọkàn tán. Ní gbogbo ìgbà náà, ìyá àgbà mi gbọ́dọ̀ wà níta pẹ̀lú àdìrẹ lára, kí Ẹlẹ́wù Eérú kankan má baà mọ̀ pé òun gan-an ni opó. Àárín rẹ̀ ni Bàbá Ìgbòkòdá dé. Mo ní, "Ìyá àgbà, ṣé nítorí àjèjì lẹ fi jẹ́ kí wọ́n kọ̀ yín?" Ó ń yí ọmọ mi padà, ó ń ra ẹ̀yìn rẹ̀. "Ọkọ mi mọ̀ pé mò ń ṣọ̀fọ̀ òun. Àwọn yòókù, kí ni mo fẹ́ fi ìmọ̀ wọn ṣe?"

Ìyá mi, Ìbídùn, jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́wàá nígbà náà. Ọ̀dọ̀ ìbátan wa kan ní Ṣómólú ló ń gbé nítorí ilé ìwé, Sátidé ló ń wálé. Ó wálé, ó rí ìyá rẹ̀ nínú àdìrẹ, ó sì rí obìnrin kan tí kò mọ̀ nínú aṣọ opó. Ìyá rẹ̀ ní ìbátan bàbá rẹ̀ kan ló ń bá àwọn ṣọ̀fọ̀. Ó fẹ́ràn bàbá rẹ̀ ju ohunkóhun lọ.

Ní gbogbo ilé ìwé ìjọba, wọ́n ní ohun kan tí wọ́n ń pè ní Wákàtí Òtítọ́. Lọ́jọ́ Ajé, ọmọ kọ̀ọ̀kan á dìde, á sọ ohun tó rí nílé. Ọ̀pọ̀ wọn á ní bàbá àwọn ń hanrun, tíṣà á rẹ́rìn-ín. Nígbà tó kan Ìbídùn, ó ní ìyá òun ti bọ́ aṣọ opó, ó ti gbé e wọ ẹlòmíràn. Ohun tó fẹ́ ni kí tíṣà bá ìyá rẹ̀ wí, kó lè padà wọ aṣọ náà fún bàbá rẹ̀. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Tíṣà gbé ọ̀rọ̀ náà dé ọ̀dọ̀ Ẹlẹ́wù Eérú, wọ́n sì mú obìnrin kan dání nígbà tí wọ́n padà wá, kó lè wọ yàrá opó dípò wọn. Wọ́n mú Rẹ̀mílẹ́kún jáde pẹ̀lú aṣọ dúdú lára rẹ̀. A kò tún gbúròó rẹ̀ mọ́. Wọ́n mú ìyá àgbà mi náà. Ọ̀gá àwọn tó mú wọn dá a dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó sì bọ̀ ọ́ lọ́wọ́. "Ẹ kú oríire, Màmá. Ọmọ rere lẹ bí. Ó mọ òtítọ́."

Bí ìyá àgbà mi ṣe mọ̀ pé Ìbídùn ló sọ ọ́ nìyẹn. Oṣù mélòó kan lẹ́yìn náà, wọ́n tú u sílẹ̀, ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ ti bàjẹ́. Ó pe ọmọ rẹ̀ jókòó. Ó ní aládùúgbò kan ló lọ fẹjọ́ òun sùn pé òun bọ́ aṣọ opó, pé nítorí ìyẹn ni wọ́n fi ti òun mọ́lé. Ó ní obìnrin tó wà nínú yàrá ti padà sí ìlú rẹ̀. Irọ́ tí ẹbí pa mọ́ ọn, òun fúnra rẹ̀ gbé e wọ̀.

Nígbà tí ìjọba yẹn wó, àwọn obìnrin tó ti gbé èèyàn pamọ́ jáde sí gbangba ní Onípanu, ìlú ń sà wọ́n, ìlú ń pàtẹ́wọ́. Ìyá Etí-Ọ̀sà kò lọ. Bó ṣe ń sọ èyí fún mi, inú bí mi débi pé mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ọmọ mi lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ní kí ló dé tí kò sọ̀rọ̀ lọ́jọ́ yẹn, kí gbogbo wọn kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́?

"Bí mo bá ní mo gbé ọmọ kan pamọ́, wọ́n á bi mí pé ọmọ náà dà. Bí mo bá ní wọ́n mú un, wọ́n á bi mí pé ta ló tú àṣírí. Wọ́n á máa wá a kiri, wọ́n á sì bá a nílé mi. Ìyá rẹ nìyẹn. Orúkọ mi ni mo fi bò ó. O ò gbọdọ̀ jẹ́ kó gbọ́."

Mo ní, "Wọ́n ṣáà tún mú Rẹ̀mílẹ́kún náà. Gbogbo rẹ̀ wá já sí asán."

Ìgbà yẹn nìkan ló bínú sí mi láyé rẹ̀. Ó gbé ọmọ sí mi lẹ́sẹ̀. "Ọmọ tí wọ́n ń lé bí ajá, ó sùn nílé mi. Mò ń gbọ́ bó ṣe ń hanrun. Asán lo pè é?"

Mo pa á mọ́ bó ṣe wí, mo sì wo ìyá mi bó ṣe ń bá a jà títí ìyá àgbà fi kú. Ó nira. Ọ̀pọ̀ ìgbà ni mo fẹ́ kígbe. Nígbà tó kú, àwọn ọmọ Bàbá Ìgbòkòdá kọ̀ kí a sin ín sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ rẹ̀. Bàrígà níbí la sin ín sí, òun nìkan.

Ọjọ́ kẹta ìsìnkú, èmi àti ìyá mi lọ palẹ̀ ahéré mọ́. Ó ń gbá eérú jọ. Láìwo ojú mi, ó ní, "Wọ́n tún ń sọ ọ́ níta, àbí? Ọ̀rọ̀ aṣọ opó."

Mo ní kó má dá wọn lóhùn.

"Èmi ni mo sọ ọ́ fún tíṣà," ló wí. "Mo mọ̀. Àtìgbà náà ni mo ti mọ̀. Ọmọ ọdún mẹ́wàá kì í ṣe ọmọ ọwọ́."

Ìgbálẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ mi. Mo bi í pé kí ló wá ń bá a jà sí ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, nígbà tó jẹ́ pé ó mọ̀.

"Mo fẹ́ kó bínú ni. Mo ní bí mo bá fín in níràn títí, á sọ ọ́ sí mi lójú pé èmi ni mo pa ọmọ ọlọ́mọ. Tó bá ti sọ ọ́, mo lè kúnlẹ̀. Mo lè bẹ̀ ẹ́. Ọdọọdún ni mò ń fín in níràn. Ó kọ̀, kò sọ ọ́." Ó jókòó sílẹ̀ nínú eérú náà, ó nu ojú, eérú sì mọ́ ọn lójú. "Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún mi lọ́jọ́ yẹn, ní kíláàsì. Wọ́n fún mi ní búrẹ́dì kan, odidi. Mo jẹ ìdajì rẹ̀. Mo tọ́jú ìdajì yòókù de ìyá mi."